Wákàtí Inú Kíláàsì àti Yúnìtì Yunifásítì: Bí A Ti Ń Ṣírò Wọn
(Ọ̀rọ̀ tí òṣìṣẹ́ ìròyìn sọ fún àwọn ará ilé ìkàwé ìletò)

Ọ̀rọ̀ tí mo mú wá ní ọ̀sẹ̀ yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ owó-orí, kì í sì í ṣe ọ̀rọ̀ abẹ́rẹ́ àjẹsára. Ọ̀rọ̀ àwọn ọmọ wa tí ń bẹ ní yunifásítì ni, àti ti àwọn tí ń múra láti lọ.

Ó ti pẹ́ tí àwọn òbí ti ń béèrè lọ́wọ́ wa pé, kí ni nǹkan tí àwọn ọmọ ń pè ní yúnìtì yìí? Ọmọ a máa ti ilé ẹ̀kọ́ dé, a máa sọ pé kọ́ọ̀sì kan jẹ́ yúnìtì mẹ́ta, òmíràn jẹ́ méjì, òmíràn ẹ̀wẹ̀ jẹ́ ẹyọ kan péré. Ní ìgbà mìíràn a máa sọ pé yúnìtì òun kò pé, nítorí náà òun kò ní lè bá àwọn ẹgbẹ́ òun jáde. Bàbá tí ó ta kòkó kí ó tó rí owó ilé ẹ̀kọ́ san a máa wo ọmọ náà bí ẹni tí ń sọ èdè tí kò yé e, ìyá a sì máa rò pé bóyá ọmọ náà ń ṣe àwáwí ni. Kò yẹ kí ó rí bẹ́ẹ̀. Ẹni tí ó bá ń san owó ọjà, ó yẹ kí ó mọ irú òṣùwọ̀n tí a fi ń wọn ọjà náà fún un.

Yúnìtì, tí àwọn mìíràn ń pè ní kírẹ́díìtì, kò ju òṣùwọ̀n náà lọ. Gẹ́gẹ́ bí a ti ń fi kóńgò wọn gàrí ní ọjà wa, bẹ́ẹ̀ ni àwọn yunifásítì ń fi yúnìtì wọn ẹ̀kọ́. Ohun tí a sì ń dà sínú kóńgò yìí ni wákàtí. Àjọ ìjọba àpapọ̀ tí ń ṣe àbójútó àwọn yunifásítì ní Nàìjíríà, èyí tí a mọ̀ sí NUC, ti fi lélẹ̀ pé yúnìtì kan jẹ́ ìdánilẹ́kọ̀ọ́ wákàtí kan ní ọ̀sẹ̀ kọ̀ọ̀kan, fún odindi sáà ẹ̀kọ́ tí ó jẹ́ ọ̀sẹ̀ 15. Sáà méjì ni ó wà nínú ọdún ẹ̀kọ́ kan. Nítorí náà, bí a bá ní kọ́ọ̀sì kan jẹ́ yúnìtì kan, wákàtí 15 ni a ṣèlérí fún ọmọ nínú kíláàsì. Bí ó bá jẹ́ yúnìtì méjì, wákàtí 30 ni. Bí ó bá jẹ́ mẹ́ta, wákàtí 45 ni.

Ṣùgbọ́n ó ní ibì kan tí ìṣirò yìí ti yàtọ̀. Bí ó bá jẹ́ iṣẹ́ àfọwọ́ṣe ni, irú èyí tí a ń ṣe ní yàrá àyẹ̀wò sáyẹ́ǹsì, ní ilé ìwòsàn tàbí ní ibi iṣẹ́ ẹ̀rọ, wákàtí mẹ́ta ní ọ̀sẹ̀ ni a ń kà sí yúnìtì kan. Èyí ni pé wákàtí 45 ni a óò fi gba yúnìtì kan ṣoṣo. Àwọn ọmọ a máa kùn sí èyí, wọn a sì máa sọ pé a rẹ́ àwọn jẹ. Bẹ́ẹ̀ kọ́. Nígbà tí olùkọ́ bá fi wákàtí kan sọ̀rọ̀ ní kíláàsì, a retí pé kí ọmọ lọ jókòó ti ìwé fún bíi wákàtí méjì sí i lẹ́yìn rẹ̀, kí ó ka ohun tí a sọ, kí ó ṣe iṣẹ́ tí a fún un. Ọ̀kan pẹ̀lú méjì di mẹ́ta. Ní yàrá àyẹ̀wò, gbogbo iṣẹ́ náà ni ó fẹ́rẹ̀ẹ́ parí sí ojú kan, níwájú olùkọ́. Mẹ́ta náà ni.

Ẹ jẹ́ kí n fi àpẹẹrẹ tí ó wà nínú ìwé hàn yín. Ní oṣù December ọdún 1922 kọ́, ní oṣù December ọdún 2022 ni NUC gbé àkójọ ẹ̀kọ́ tuntun jáde fún gbogbo yunifásítì, èyí tí orúkọ ìnagijẹ rẹ̀ ń jẹ́ CCMAS. Nínú rẹ̀, NUC fúnra rẹ̀ ni ó ṣètò ìpín 70 nínú 100 ohun tí a óò kọ́ ọmọ. Ó fi ìpín 30 tí ó kù sílẹ̀ fún yunifásítì kọ̀ọ̀kan láti ṣètò gẹ́gẹ́ bí ó ti rí i pé ó yẹ. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ orúkọ kọ́ọ̀sì kọ̀ọ̀kan, wọ́n kọ iye yúnìtì rẹ̀, wọ́n sì kọ lẹ́tà LH tàbí PH pẹ̀lú iye wákàtí. LH ni wákàtí ìdánilẹ́kọ̀ọ́, PH ni wákàtí iṣẹ́ àfọwọ́ṣe. Kọ́ọ̀sì kan wà tí gbogbo ọmọ tuntun ń ṣe, GST 111, ti bí a ti ń sọ èdè Gẹ̀ẹ́sì tí a sì ń kọ ọ́; yúnìtì méjì ni, LH rẹ̀ jẹ́ 15, PH rẹ̀ jẹ́ 45. Òmíràn ni GST 112, ti àwọn ènìyàn Nàìjíríà àti àṣà wọn. Yúnìtì méjì ni òun náà, ṣùgbọ́n LH 30 ni ó ní, kò ní PH rárá. Ẹ wò ó bí yúnìtì ṣe dọ́gba tí wákàtí kò dọ́gba. Ìkíní gba wákàtí 60, ìkejì gba 30. Ọmọ tí kò bá mọ èyí yóò rò pé ẹrù kan náà ni ó gbé sí èjìká méjèèjì.

Bákan náà ni ti ọmọ tí ó wọlé fún ẹ̀kọ́ sáyẹ́ǹsì. Kọ́ọ̀sì iṣẹ́ àfọwọ́ṣe ti físíìsì, PHY 107, yúnìtì kan ni. Ti kẹ́místírì, CHM 107, yúnìtì kan ni. Lójú ẹni tí ń ka yúnìtì nìkan, nǹkan kékeré ni wọ́n. Ṣùgbọ́n wákàtí 45 ni ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn. Bí òbí bá pe irú ọmọ bẹ́ẹ̀ ní tẹlifóònù ní ọ̀sán tí kò gbé e, kí òbí náà má tètè bínú.

Ibo ni òṣùwọ̀n yìí ti wá? Ìtàn rẹ̀ dùn, mo sì fẹ́ kí ẹ fi ara balẹ̀ gbọ́ ọ, nítorí pé kì í ṣe inú kíláàsì ni a ti kọ́kọ́ rò ó jinlẹ̀. Ọ̀rọ̀ owó ìfẹ̀yìntì àwọn olùkọ́ ni ó mú un tàn ká.

Ní ilẹ̀ Amẹ́ríkà, ní nǹkan bí 130 ọdún sẹ́yìn, ilé ẹ̀kọ́ sẹ́kọ́ńdìrì ń pọ̀ sí i lójoojúmọ́, olúkúlùkù sì ń kọ́ ọmọ bí ó ti wù ú. Nígbà tí ọmọ bá fẹ́ wọ kọ́lẹ́ẹ̀jì, àwọn tí ó wà níbẹ̀ kì í mọ bí ẹ̀kọ́ tí ó ti kọ́ ti pọ̀ tó. Ọmọ ìlú yìí ní òun ti kọ́ ìṣirò, ọmọ ìlú kejì ní òun náà ti kọ́ ọ. Ṣùgbọ́n ọ̀kan lè ti kọ́ ọ fún oṣù mẹ́ta, kí èkejì sì ti kọ́ ọ fún ọdún méjì. Ní ọdún 1905, Andrew Carnegie, ọlọ́rọ̀ tí ó fi iṣẹ́ irin di olówó, yọ mílíọ̀nù mẹ́wàá dọ́là sílẹ̀, ó ní kí a máa fi san owó ìfẹ̀yìntì fún àwọn olùkọ́ kọ́lẹ́ẹ̀jì. Àwọn tí a fi ṣe alábòójútó owó náà wá ní ìṣòro kan: kí ni kọ́lẹ́ẹ̀jì? Ilé púpọ̀ ni ó ń pe ara rẹ̀ ní kọ́lẹ́ẹ̀jì tí kò ju ilé ẹ̀kọ́ àwọn ọmọdé lọ. Ní ọdún 1906 wọ́n pinnu pé ilé tí a óò kà sí kọ́lẹ́ẹ̀jì ni èyí tí kò ní gba ọmọ wọlé àfi bí ọmọ náà bá ti gba yúnìtì 14 ní sẹ́kọ́ńdìrì. Yúnìtì kan níbẹ̀ sì jẹ́ ẹ̀kọ́ kan tí a kọ́ fún wákàtí 120 láàárín ọdún kan.

Ẹ̀yin náà lè fojú inú wo ohun tí ó tẹ̀lé e. Kọ́lẹ́ẹ̀jì wo ni kò ní fẹ́ kí a san owó ìfẹ̀yìntì fún àwọn olùkọ́ òun láti inú àpò ẹlòmíràn? Kíá ni wọ́n tẹ́wọ́ gba òṣùwọ̀n náà, àwọn ilé ẹ̀kọ́ sẹ́kọ́ńdìrì sì tẹ̀lé wọn, kí àwọn ọmọ wọn má bàa rí ìlẹ̀kùn tì. Ní ọdún 1910, Morris Cooke, ẹni tí ó jẹ́ ẹnjiníà, kọ ìwé kan fún àjọ Carnegie náà, ó ní kí àwọn kọ́lẹ́ẹ̀jì pẹ̀lú máa ka wákàtí tí akẹ́kọ̀ọ́ kọ̀ọ̀kan ń lò ní kíláàsì, kí a lè mọ iye tí ẹ̀kọ́ ń náni, gẹ́gẹ́ bí a ti ń ṣírò iṣẹ́ ní ilé iṣẹ́ ẹ̀rọ. Díẹ̀díẹ̀ ni kíka wákàtí fi di àṣà gbogbo ilé ẹ̀kọ́ gíga ilẹ̀ náà.

Ní ilẹ̀ tiwa, nígbà tí a dá kọ́lẹ́ẹ̀jì Ìbàdàn sílẹ̀ ní ọdún 1948, abẹ́ Yunifásítì Lọ́ńdọ̀nù ni ó wà, ìlànà Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n sì ń lò: ìdánwò ńlá ni ó ń sọ ẹni tí ó yege, a kì í ka yúnìtì. Yunifásítì Nsukka, tí ó ṣí ní oṣù October ọdún 1960, ni ó fi ojú sí Amẹ́ríkà, nítorí pé Yunifásítì ìpínlẹ̀ Michigan ni ó ràn án lọ́wọ́ láti bẹ̀rẹ̀. Àwọn yòókù tẹ̀lé e níkọ̀ọ̀kan, títí tí NUC fi sọ ọ́ di ìlànà kan náà fún gbogbo wọn nígbà tí àwọn ọdún 1980 ń parí lọ. Báyìí ni òṣùwọ̀n tí a dá nítorí owó ìfẹ̀yìntì ní òkè òkun fi di ohun tí à ń fi wọn ẹ̀kọ́ ọmọ àgbẹ̀ ní ilẹ̀ Yorùbá.

Nísinsìnyí, kí ni ó kàn wá nínú rẹ̀? Èkíní, yúnìtì ni ó ń sọ bí máàkì ọmọ ti wúwo tó. Ìwọ̀n tí NUC fi lélẹ̀ ni pé ẹni tí ó gba 70 sókè ní A, A sì jẹ́ àmì márùn-ún. B jẹ́ mẹ́rin, C jẹ́ mẹ́ta, títí dé F tí ó jẹ́ òfo. A óò fi iye yúnìtì kọ́ọ̀sì náà sọ àmì yìí di púpọ̀, a óò ro gbogbo rẹ̀ pọ̀, a óò sì fi àpapọ̀ yúnìtì pín in. Ẹ wo ọmọ méjì tí wọ́n ṣe kọ́ọ̀sì méjì kan náà, ọ̀kan jẹ́ yúnìtì mẹ́ta, èkejì jẹ́ yúnìtì kan. Ọmọ àkọ́kọ́ gba A nínú yúnìtì mẹ́ta, ó gba C nínú yúnìtì kan: 15 pẹ̀lú 3, ó di 18, a fi 4 pín in, ó di 4.50. Ọmọ kejì gba C nínú yúnìtì mẹ́ta, ó gba A nínú yúnìtì kan: 9 pẹ̀lú 5, ó di 14, a fi 4 pín in, ó di 3.50. A kan àti C kan ni olúkúlùkù wọn gbà. Ṣùgbọ́n 4.50 ni ẹnu ọ̀nà oyè onípò kìíní, nígbà tí 3.50 jẹ́ ìsàlẹ̀ pátápátá onípò kejì ti òkè. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ń gbọ́ mi, kọ́ọ̀sì tí yúnìtì rẹ̀ pọ̀ ni kí ẹ kọ́kọ́ fún ní ọjọ́ yín.

Èkejì ni èyí tí ó dùn mí jù, èmi yóò sì pẹ́ díẹ̀ lórí rẹ̀. Ìlérí ni wákàtí. Nígbà tí a bá kọ yúnìtì mẹ́ta sí iwájú kọ́ọ̀sì kan, wákàtí 45 ni a kọ síbẹ̀. Bí olùkọ́ bá ń pẹ́ kí ó tó dé, tí ó ń jẹ 20 ìṣẹ́jú nínú wákàtí kọ̀ọ̀kan, ìdá kan nínú mẹ́ta ti lọ: 45 di 30. Yúnìtì mẹ́ta ni yóò wà lórí ìwé, yúnìtì méjì ni ọmọ gbà. Ẹ mọ oníṣòwò tí ń fi òkúta lu ìdí kóńgò wọ inú, kí gàrí tí ó gbà lè dín kù? Bí a bá wo kóńgò náà láti òkèèrè, kóńgò ni. Àfi ẹni tí ó bá ti ọwọ́ bọ inú rẹ̀ ni ó mọ̀. N kò sọ pé gbogbo olùkọ́ ni ó ń ṣe bẹ́ẹ̀. Àwọn tí ń dé ṣáájú ọmọ pọ̀, àwọn mìíràn sì ń kọ́ ọmọ ní yàrá tí kò ní iná, tí kò ní àga tí ó tó. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá ń lu ìdí kóńgò, ó yẹ kí a lè rí i.

Ọmọ náà sì lè lu ìdí kóńgò tirẹ̀. Ní ọ̀pọ̀ yunifásítì wa, ọmọ tí kò bá wà ní kíláàsì fún ìpín 75 nínú 100 kò ní ẹ̀tọ́ láti jókòó ìdánwò. Nínú wákàtí 45, èyí jẹ́ bíi 34. Kì í ṣe pé a fi 11 tí ó kù tọrẹ fún un kí ó máa fi sùn. Fún àìsàn àti ìdíwọ́ ni.

Ọ̀ràn tí ó tún le ju ti ìpẹ́lẹ́yìn lọ ni ti sáà tí a gé kúrú. Gbogbo wa ni a rántí ọdún 2022. Ní ọjọ́ 14 oṣù February ni àwọn olùkọ́ yunifásítì bẹ̀rẹ̀ ìdaṣẹ́sílẹ̀, ọjọ́ 14 oṣù October ni wọ́n sì dá a dúró: oṣù mẹ́jọ gbáko. Àwọn ọmọ wà nílé, àwọn kan kọ́ iṣẹ́ télọ̀, àwọn kan ń gun ọ̀kadà, àwọn mìíràn kò padà sí ilé ẹ̀kọ́ mọ́. Ẹ̀bi ta ni? Ọ̀rọ̀ náà ní ìhà púpọ̀, kì í ṣe òun ni mo wá sọ lónìí. Ohun tí mo fẹ́ kí ẹ rò ni ohun tí ń ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn irú ìdaṣẹ́sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, nígbà tí ilé ẹ̀kọ́ bá ń sáré láti gba ọdún tí ó sọnù padà.

Ẹ jẹ́ kí a ṣírò rẹ̀. Ọmọ kan forúkọ sílẹ̀ fún yúnìtì 18. Ní sáà tí ó pé ọ̀sẹ̀ 15, wákàtí 18 ni yóò wà ní kíláàsì lọ́sẹ̀, àpapọ̀ rẹ̀ sì jẹ́ 270. Bí a bá gé sáà náà sí ọ̀sẹ̀ 10, tí a kò sì fẹ́ yẹ ìlérí, wákàtí 27 ni a gbọ́dọ̀ kọ́ ọ lọ́sẹ̀. Ẹ fi ìwé kíkà tirẹ̀ kún un, wákàtí méjì fún ọ̀kọ̀ọ̀kan: 54. Àpapọ̀ di 81. Ọ̀sẹ̀ kan kò ní ju wákàtí 168 lọ. Bí ọmọ náà bá sùn fún wákàtí mẹ́jọ lálẹ́, 56 tún ti lọ. Ohun tí ó kù fún un láti wẹ̀, láti dáná, láti pọn omi, láti dúró de ọkọ̀ àti láti sin Ọlọ́run kò pé wákàtí mẹ́rin àbọ̀ ní ojúmọ́. Ọmọ tí ó bá ń ṣiṣẹ́ kí ó tó rí oúnjẹ jẹ, níbo ni yóò ti rí ti iṣẹ́ náà? Nítorí náà ọ̀kan nínú méjì ni ó sábà máa ń ṣẹlẹ̀: bóyá kí olùkọ́ dá ìdajì ẹ̀kọ́ dúró, kí ó fi ìwé fún ọmọ pé kí ó lọ kà á, tàbí kí ọmọ jókòó ní kíláàsì láti òwúrọ̀ di alẹ́ kí ohunkóhun má sì dúró sí i lórí. Ìwé-ẹ̀rí yóò sì sọ pé yúnìtì 18 pé.

Àwọn ọlọ́gbọ́n kan wà tí wọn yóò sọ pé kò sí ewu nínú èyí, nítorí pé wákàtí kì í ṣe ìmọ̀. Wọ́n ní ẹnìkan lè jókòó fún wákàtí 45 kí ó má mọ nǹkan kan, kí ẹlòmíràn sì fi wákàtí 10 mọ gbogbo rẹ̀. Òótọ́ ni. Àwa náà mọ̀ ọ́n nínú iṣẹ́ ọwọ́ wa. A lè fi ọmọ méjì sí ẹnu iṣẹ́ lọ́jọ́ kan náà lọ́dọ̀ ọ̀gá télọ̀ kan. Bí ọdún mẹ́ta bá pé, ọ̀kan yóò máa gé agbádá láìfi nǹkan wọ̀n ọ́n, èkejì kò tíì lè rán ṣòkòtò kí ẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì dọ́gba. Àjọ Carnegie tí ó bẹ̀rẹ̀ òṣùwọ̀n yìí pàápàá ṣe àyẹ̀wò rẹ̀, ó sì gbé ìwé jáde ní ọdún 2015. Wọ́n jẹ́wọ́ pé a kò dá a láti fi wọn ìmọ̀. Síbẹ̀ wọn kò rí òmíràn tí ó dára tó láti fi rọ́pò rẹ̀ pátápátá.

Èmi, tí ìwé tèmi parí sí ilé ẹ̀kọ́ sẹ́kọ́ńdìrì, ní èrò kan lórí rẹ̀. Ọmọ olówó tí a kò kọ́ ní kíláàsì lè gba olùkọ́ sílé. Ó ní kọ̀ǹpútà, ó ní íntánẹ́ẹ̀tì, ìyá rẹ̀ lè jẹ́ dókítà. Ọmọ tí ó ti ìletò lọ kò ní ju wákàtí kíláàsì náà lọ. Òun ni a ra fún un. Bí a bá sọ fún un pé wákàtí kì í ṣe nǹkan, ẹni tí kò ní ohun mìíràn ni a gba ẹyọ kan tí ó ní lọ́wọ́ rẹ̀.

Ẹ̀kẹta, ọ̀rọ̀ kúkúrú ni èyí, ti àwọn tí ń fẹ́ kúrò ní ilé ẹ̀kọ́ kan lọ sí òmíràn, tàbí tí wọ́n ń fẹ́ lọ sí òkè òkun. Òṣùwọ̀n ìlú kọ̀ọ̀kan yàtọ̀. Ní Amẹ́ríkà, ìlànà ìjọba láti ọdún 2010 fẹ́rẹ̀ẹ́ bá tiwa mu: wákàtí kan ní kíláàsì àti ó kéré tán wákàtí méjì níta, lọ́sẹ̀, fún nǹkan bí ọ̀sẹ̀ 15. Ṣùgbọ́n 50 ìṣẹ́jú ni wọ́n sábà ń kà sí wákàtí kan níbẹ̀, kí ọmọ lè fi mẹ́wàá rìn láti yàrá kan sí èkejì. Bẹ́ẹ̀ ni kírẹ́díìtì kan fi jẹ́ 750 ìṣẹ́jú, tí í ṣe wákàtí 12 àti ààbọ̀. Àwọn ilé ẹ̀kọ́ mìíràn níbẹ̀ tún pín ọdún sí sáà kúkúrú oní-ọ̀sẹ̀ 10. Kírẹ́díìtì mẹ́ta tiwọn ni ó tó méjì ti sáà gígùn. Ní England, gbogbo wákàtí ni wọ́n ń kà, ti kíláàsì àti ti ilé. Wákàtí 10 jẹ́ kírẹ́díìtì kan, 120 ni ti ọdún kan, 360 sì ni ti oyè ọdún mẹ́ta. Lórí ilẹ̀ Yúróòpù, 60 ni ti ọdún kan, ọ̀kọ̀ọ̀kan sì jẹ́ wákàtí 25 sí 30. Ẹ ṣàkíyèsí èyí, kí ẹnikẹ́ni má ṣe fi ọmọ rẹ̀ tí ó ní yúnìtì 120 wé ọmọ ará England tí ó ní 360, kí ó sì rò pé tirẹ̀ jẹ́ ọ̀lẹ. Kọ́ọ̀sì yúnìtì mẹ́ta tiwa, tí a bá ka wákàtí 45 ti kíláàsì àti 90 ti ilé, ó jẹ́ 135; ó tó kírẹ́díìtì 13 ti England, ó sì tó bíi márùn-ún ti Yúróòpù.

Bí ó ti wù kí ìṣirò náà gún tó, ilé ẹ̀kọ́ tí ó ń gba ọmọ ni ó ní àṣẹ láti sọ èyí tí yóò gbà. Ohun tí wọn yóò béèrè ni ohun tí a kọ́ nínú kọ́ọ̀sì náà, iye wákàtí rẹ̀ àti máàkì tí ọmọ gbà. Nítorí náà, ìwé tí olùkọ́ ń pín ní ìbẹ̀rẹ̀ sáà, tí ó sọ ẹ̀kọ́ ọ̀sẹ̀ kọ̀ọ̀kan, kí ọmọ má ṣe fi di àkàrà. Mo mọ àwọn tí ó wá a lẹ́yìn ọdún mẹ́fà tí wọn kò rí i mọ́, tí a sì ní kí wọ́n lọ tún kọ́ọ̀sì tí wọ́n ti yege nínú rẹ̀ ṣe.

Ó ku ohun tí òbí lè ṣe láti ilé. Nígbà ìforúkọsílẹ̀, ẹ béèrè iye yúnìtì tí ọmọ mú. Ó kéré tán 15 ni NUC gbà láàyè fún sáà kan, kò sì gbọdọ̀ ju 24 lọ. Bí ọmọ bá ní òun mú 24, tí ó sì tún ń gbé kọ́ọ̀sì tí ó kùnà lọ́dún tí ó kọjá, èyí tí wọ́n ń pè ní kàárì-ófà, ẹ bi í bí yóò ti rí àkókò. Ẹ ní kí ó ra ìwé àkọsílẹ̀ pélébé kan, kí ó máa kọ ọjọ́ tí olùkọ́ wá àti wákàtí tí ó lò sínú rẹ̀. Kì í ṣe láti fi bá ẹnikẹ́ni jà. Bí aṣojú kíláàsì bá mú irú àkọsílẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ bá olórí ẹ̀ka ẹ̀kọ́ ní ọ̀sẹ̀ karùn-ún, pẹ̀lú ọ̀wọ̀, àyè ṣì wà láti kọ́ èyí tí ó kù. Bí ó bá di ọ̀sẹ̀ kẹrìnlá, kò sí ohun tí ẹnikẹ́ni lè ṣe sí i mọ́.

Mo rí i pé àwọn mélòó kan mú ìwé ìforúkọsílẹ̀ àwọn ọmọ wọn dání. Ẹ gbé wọn wá sórí tábìlì níwájú níbí, kí a jọ ka yúnìtì inú wọn kí ilẹ̀ tó ṣú.